Àmì Abẹ́ Ṣúgà

Lọ́dọ̀ wa ní Anacapri, tí ìyá ọkùnrin bá fẹ́ sọ pé ọmọ òun ò ní fẹ́ ọmọ rẹ, kì í la ẹnu sọ ọ́. Àwo ló máa dá padà. Lọ́sàn-án ọjọ́ àjọ̀dún Antonio Mímọ́, ilé ọmọbìnrin á gbé kéèkì lọ sílé ọkùnrin, kéèkì wa náà, oní-ṣokoléètì àti álímọ́ńdì, tí a kì í fi ìyẹ̀fun sí. Ìyá ọkùnrin gbọ́dọ̀ tọ́ ọ wò. Tó bá gbà, yóò fi nǹkan sínú àwo náà kó tó dá a padà, kí oòrùn tó wọ̀: ẹyin méjì, ẹja, ohun yòówù kó jẹ́. Tí kò bá gbà, àwo á padà lófìfo. Wọn á ti fọ̀ ọ́, wọn á ti nù ún, á máa dán. Màmá Ersilia, àǹtí bàbá wa tó tọ́ èmi àti ẹ̀gbọ́n mi dàgbà, máa ń sọ pé òun ti rí òkú, òun ti rí ogun, ṣùgbọ́n ohun tó ń ba òun lẹ́rù jù láyé yìí ni àwo tó ń dán.

Lọ́dún tí mò ń sọ yìí, àwo tiwa ló jáde. Ẹ̀gbọ́n mi Rosalba àti Catello ti ń fẹ́ra wọn láti ìgbà ìkórè èso àjàrà. Catello ń wa ọkọ̀ ojú omi, ara rẹ̀ balẹ̀, ẹnu rẹ̀ dùn, kò sí ohun kan tó burú nípa rẹ̀ ju pé ó ní ìyá. Eufemia ni orúkọ ìyá yìí, opó ni, àmọ́ Ìyá Catello ni gbogbo wa ń pè é, ohùn jẹ́jẹ́ la sì fi ń pè é. Òun ló sọ nídìí ẹ̀rọ omi pé, "Ọwọ́ tó ń lọ aṣọ ibùsùn àwọn àjèjì ní òtẹ́ẹ̀lì láti àárọ̀ ṣúlẹ̀, ìgbà wo ló fẹ́ mọ kéèkì í pò?" Rosalba ló ń bá wí. Wọ́n gbé ọ̀rọ̀ náà dé ilé wa kí omi tó kún korobá. Rosalba sunkún, ó nu ojú rẹ̀, ó lọ wẹ ọwọ́, ó ní òun ti ṣe tán láti po kéèkì.

Ọjọ́ méjì gbáko la fi tọ́jú álímọ́ńdì nìkan. Màmá Ersilia kì í lọ tiẹ̀ rárá. Ọ̀bẹ ló fi ń gé e, ọ̀bẹ tí ẹnu rẹ̀ tẹ̀ bí oṣù tuntun, tí a ń mì sọ́tùn-ún sósì lórí pákó títí álímọ́ńdì á fi dà bí iyanrìn tí òjò pa. Ìdajì rẹ̀ la ó bó, ìdajì la ó fi eèpo sílẹ̀ lára ẹ̀. Kí a tó gé e rárá, a ó ti tẹ́ ẹ sínú ààrò Ọ̀gá Aniello lẹ́yìn tí wọ́n bá ti kó búrẹ́dì jáde, kí ooru tó ṣẹ́kù lè gbẹ ẹ́ díẹ̀díẹ̀. Àmọ́ lọ́tẹ̀ yìí Màmá kò fọwọ́ kan nǹkan kan. Ojú rẹ̀ ti ń ṣe bàìbàì lákòókò yẹn. Ó jókòó lórí àpótí, ó gbọ́wọ́ lé itan, ó ń fetí sí ọ̀bẹ.

Rosalba gé e títí ọrùn ọwọ́ rẹ̀ fi wú.

"Ṣé ó ti tó, Màmá?"

"Bi álímọ́ńdì."

"Màmá, álímọ́ńdì ò lẹ́nu."

"Ìwọ lo lẹ́nu. Fi sí i."

Rosalba fi sẹ́nu, ó ní ó ku díẹ̀, ó tún bẹ̀rẹ̀ sí í gé. Bí a ṣe ṣe gbogbo ẹ̀ nìyẹn. Ó yọ́ ṣokoléètì pẹ̀lú bọ́tà, ó tọ́ ọ wò. Ó po pupa ẹyin mọ́ ṣúgà, ó tọ́ ọ wò. Funfun ẹyin nìkan ni kò tọ́ wò, ó lù ú títí ó fi dúró bí òwú. Màmá Ersilia máa ń sọ pé ẹni tó ń se oúnjẹ tí kò tọ́ ọ wò, ńṣe ló ń kọ lẹ́tà tí òun fúnra rẹ̀ ò lè kà.

Ààrò kan ṣoṣo ni gbogbo àdúgbò wa ń lò, ti Ọ̀gá Aniello oníbúrẹ́dì. Ọwọ́ alágbẹ̀dẹ kan náà la sì ti ra páànù, nítorí náà kò sí èyí tó yàtọ̀ sí èkejì. Ohun tí a fi ń dá tiwa mọ̀ ni àmì. Ilé kọ̀ọ̀kan ní nǹkan tó ń tẹ́ sí ìsàlẹ̀ páànù, létí, kó tó da kéèkì lé e lórí. Tí kéèkì bá jinná, tí Ọ̀gá Aniello bá da ojú rẹ̀ dé sórí pákó gígùn rẹ̀, ìsàlẹ̀ á di òkè, àmì á sì yọ. Álímọ́ńdì odindi mẹ́ta tó tò tẹ̀léra ni tiwa. Ewé lẹ́mọ́ọ̀nù kan ni ti ilé Ìyá Catello. Ilé kan ń lo hóró kọfí, òmíràn ń lo bọ́tìnnì aṣọ bàbá wọn tó ti kú, kí Ọlọ́run má jẹ̀ẹ́ kí ẹnì kan gbé e mì. Mo mọ gbogbo wọn, torí èmi ni mo ń gbé páànù lọ tí mo ń gbé e bọ̀, mo sì máa ń pẹ́ níbẹ̀ nítorí ọ̀rọ̀ àwọn àgbà.

Lẹ́yìn tí Ọ̀gá Aniello bá ti pe àmì tán ni olúkúlùkù ń jọ ṣúgà tó kúnná bí àtíkè lé ti ẹ̀ lórí. Tí ṣúgà bá ti bo kéèkì tó ń lọ sílé ọkọ, ó parí nìyẹn. Kò sẹ́ni tó gbọ́dọ̀ fẹ́ ṣúgà yẹn kúrò kí wọ́n tó gé e. Ẹni tó bá ṣe bẹ́ẹ̀, bí ẹni tó ká aṣọ ìyàwó sókè lójú títì ni.

Lọ́jọ́ àjọ̀dún náà, kéèkì mọ́kànlélógún ló wà nínú ààrò. Ọ̀gá Aniello wà lára àwọn tó fẹ́ gbé ère ẹni mímọ́ lé èjìká, ó ti wọ aṣọ funfun lé ṣòkòtò iṣẹ́ rẹ̀, ó ń la àágùn. Mena, àbúrò rẹ̀ obìnrin, ti wá láti Napoli láti wá bá a ṣọdún. Ọ̀gá Aniello kó gbogbo páànù jáde, ó dojú wọn dé sórí pákó ọ̀kọ̀ọ̀kan, ló bá di pé agogo ṣọ́ọ̀ṣì dún. Ère ti jáde. Gbogbo wa sáré sẹ́nu ọ̀nà lọ wò ó, èmi náà sáré, Ọ̀gá Aniello náà sáré.

Nígbà tí a máa fi padà wọlé, Mena dúró níwájú pákó pẹ̀lú asẹ́ lọ́wọ́. Gbogbo kéèkì mọ́kànlélógún ló ti funfun bí orí arúgbó.

"Mo ti bá yín ṣe é," ni Mena wí. Inú rẹ̀ dùn.

Ọ̀gá Aniello wo kéèkì, ó wo Mena, ó tún wo kéèkì.

"Mena."

"Ẹ má wulẹ̀ dúpẹ́."

"Mena, ta ló ni èyí?"

"Èmi kẹ̀? Ṣebí ẹ̀yin lẹ ni ààrò."

Níta, wọ́n ti ń pariwo orúkọ Ọ̀gá Aniello, torí ère ti yà ní kọ̀rọ̀ tí èjìká kan ò sì pé. Ó fi ọwọ́ nu iwájú orí. Ó ní òun mọ bí òun ṣe tò wọ́n, ọgbọ̀n ọdún kọ́ ni òun ń fi ṣeré nídìí ààrò. Ó bẹ̀rẹ̀ sí í pín in. "Èyí tìrẹ, Livia. Apá òsì lo wà. Tiyín rèé, tiyín rèé, ẹ yàgò fún mi."

Mo gbé e sórí àwo wa, àwo funfun tó ní etí búlúù. Ó wúwo. Mo tún gbé e wò. Òróró díẹ̀ ti ń yọ nídìí rẹ̀, ó sì ń fà lára àwo. Mo gbóòórùn rẹ̀, ṣokoléètì ni, àmọ́ èéfín tí álímọ́ńdì wa máa ń gbà láti inú ààrò ò sí ńbẹ̀. Mo fẹ́ sọ̀rọ̀. Ṣùgbọ́n ogún obìnrin ló wà nínú ilé yẹn, gbogbo wọn ló ń sọ̀rọ̀ lẹ́ẹ̀kan náà, ní tèmi sì rèé, tí ènìyàn bá ti ju méjì lọ, ọ̀rọ̀ mi á sá padà sínú ikùn.

Mo dé ilé, mo ní, "Màmá, kéèkì yìí wúwo."

"Ohun tó gbé dání ló wúwo," ni Màmá Ersilia wí. Ó ń so gèlè dúdú rẹ̀ tí ó fi ń lọ sóde.

"Màmá, ó dà bí ẹni pé..."

"Livia," Rosalba di apá mi mú. "Má sọ nǹkan kan. Ohun tó wà lára mi yìí ti tó mi."

Ọmọbìnrin tí wọ́n ń gbé kéèkì lọ fún kì í bá wọn lọ, ọkùnrin náà kì í sí nílé. Èmi àti Màmá la jọ lọ, mo gbé àwo, ó di èjìká mi mú, a gba ọ̀nà ẹ̀yìn ọgbà lẹ́mọ́ọ̀nù kí àwọn ènìyàn má baà kí wa jù. Ojú mi ò kúrò lára ṣúgà yẹn. Kí ló wà lábẹ́ rẹ̀? Mo ti sún ẹnu mọ́ ọn lẹ́ẹ̀mejì bí ẹni fẹ́ fẹ́ ẹ, mo sì fà á sẹ́yìn lẹ́ẹ̀mejì.

"Kí lò ń mí hẹlẹ hẹlẹ sí?" ni Màmá wí. "Òkè kọ́ là ń gùn."

Ìyá Catello ṣílẹ̀kùn fún wa fúnra rẹ̀. Aṣọ dúdú ló wọ̀, bó ṣe máa ń wọ̀ ọ́ láti ọdún mẹ́sàn-án tí omi ti gbé ọkọ rẹ̀ lọ. Gbogbo ìlú ló mọ ẹ̀jẹ́ tó jẹ́ lọ́dún yẹn, pé òun ò ní fi ẹnu kan ohun dídùn mọ́. Ó ń ṣe kéèkì lọ́dọọdún fún àlejò àti fún fadá, àmọ́ òun fúnra rẹ̀ kì í jẹ ẹ́. Nínú yàrá àlejò, Bàbá Tore, bàbá ọkọ rẹ̀, jókòó sídìí fèrèsé. Ológbò rẹ̀ wà lábẹ́ àga.

"Ẹ káàbọ̀, Màmá. Ẹ jókòó. Ìwọ ńkọ́, ọmọ yìí, ṣé o ò lẹ́nu ni?"

"Ẹ kúulé, Màmá," ni mo wí.

"Ó lẹ́nu," ni Màmá Ersilia wí. "Ó ń tọ́jú ẹ̀ ni, kó má baà tètè gbó."

Bàbá Tore rẹ́rìn-ín. Ìyá Catello kò rẹ́rìn-ín. Ó gbé àwo wa sórí tábìlì, ó gé kéèkì náà, ó sì gé èyí tó tẹ́ẹ́rẹ́ fún ara rẹ̀. "Fadá ti yọ̀ǹda fún mi," ni ó wí, "òkèlè kan péré, nítorí àṣà." Ó fi sẹ́nu. Ó jẹ ẹ́ pẹ́. Mo ń wo ẹ̀rẹ̀kẹ́ rẹ̀ bí ẹni ń wo ojú ọ̀run nígbà tí ọkọ̀ wà lójú omi.

"Hm," ni ó wí.

"Kí ló ṣe é?" ni Màmá bi í.

"Màmá, ọjọ́ ọdún lòní, n kò fẹ́ sọ̀rọ̀ kòbákùngbé. Òróró wà níta, inú sì gbẹ. Wọn ò gé álímọ́ńdì yìí, ńṣe ni wọ́n fún un pa. Ẹni tó ṣe é ò tọ́ ọ wò, torí ká ní ó tọ́ ọ wò ni, ojú á tì í láti gbé e jáde. Ó dà bí ọṣẹ tó ń rántí ṣokoléètì."

"Ṣé ó burú tó bẹ́ẹ̀?"

"Ó burú jù bẹ́ẹ̀ lọ. Mo ń bọ̀wọ̀ fún yín ni."

Mo ronú kan Rosalba lójú fèrèsé ilé wa, tó ń wo ojú ọ̀nà. Ìyá Catello ti dìde. Ó lọ sí ibi àpótí oúnjẹ, ó gbé kéèkì tirẹ̀ wá, òun náà funfun, ó gé mẹ́ta nínú rẹ̀. "Ẹ jẹ́ kí n fi ohun tí à ń pè ní kéèkì hàn yín. Ẹ jẹ ẹ́, kẹ́ ẹ fi kọ́gbọ́n. Bàbá, tiyín rèé."

Òun kò jẹ níbẹ̀. Òkèlè tí fadá fún un ti tán.

Bàbá Tore gba tirẹ̀, mo sì rí i tí ọwọ́ rẹ̀ lọ tààrà sábẹ́ àga bí ohun tó ti mọ́ ọn lára. Ológbò náà ti la ẹnu. Ṣùgbọ́n bí ọwọ́ ṣe ń kọjá níwájú imú rẹ̀, Bàbá Tore dúró. Ó gbé kéèkì náà padà sókè. Ó rùn ún. Ó bù ú jẹ. Lẹ́yìn ìyẹn ó fi ìka gbọn ṣúgà etí rẹ̀, ó sì wo ohun tó wà níbẹ̀. Álímọ́ńdì mẹ́ta ni, tó tò tẹ̀léra. Ojú rẹ̀ kúrò lára álímọ́ńdì, ó wá sọ́dọ̀ mi, ó dúró lára mi. Ó wá fi ìka mú álímọ́ńdì àkọ́kọ́, ó jẹ ẹ́. Ó mú èkejì. Ó mú ẹ̀kẹta. Ológbò ké lábẹ́ àga, kò dá a lóhùn.

Èmi náà fi tèmi sẹ́nu. Ó yọ́ lórí ahọ́n mi, eèpo álímọ́ńdì, èéfín ààrò, gbogbo rẹ̀. Ọwọ́ Rosalba ni.

"Báwo ló ṣe rí, Màmá?" ni Ìyá Catello bi Màmá Ersilia.

Màmá jẹ tirẹ̀, ó gbé e mì, ó fi ẹ̀yìn ọwọ́ nu ẹnu. "Ó dùn," ni ó wí. "Ọwọ́ ẹni tó ṣe é á pẹ́ láyé."

"Àmín," ni Ìyá Catello wí.

Atẹ́gùn wọlé láti ojú fèrèsé lákòókò yẹn, atẹ́gùn ọ̀sán tó máa ń wá láti orí òkè, ó sì gbé ṣúgà díẹ̀ kúrò lórí kéèkì tó wà nínú àwo wa, èyí tí wọ́n ń bú. Mo rí i. Ṣóńṣó ewé lẹ́mọ́ọ̀nù ni, ó ti gbẹ, ó ti dúdú, kò tóbi ju èékánná lọ.

Mo gbé ọwọ́ sí i bí ẹni tó fẹ́ lé eṣinṣin. Kí ni mo fẹ́ ṣe? Tí mo bá sọ ọ́ níwájú Màmá àti Bàbá Tore, ojú á ti Ìyá Catello nínú ilé rẹ̀ fún ọṣẹ tó fi ẹnu ara rẹ̀ pè. Obìnrin tí ojú tì níwájú àgbà méjì kò ní gba ọmọ wa láé. Tí n kò bá sì sọ ọ́, àwo á padà lófìfo nítorí ẹ̀ṣẹ̀ tí Rosalba ò ṣẹ̀. Mo wo Bàbá Tore kó gbà mí. Ó ti di ojú, ó ń ṣe bí ẹni tó ń sùn.

"Ọmọ yìí," ni Ìyá Catello wí, "gbé èyí lọ sí kíṣínì. Kó kéèkì náà sínú agbada tó wà níbẹ̀, mo máa fún ẹnì kan tó ní adìẹ. Kó o fọ àwo yín. Kó o nù ún dáadáa."

Màmá Ersilia kò gbin. Mo gbé e.

Kíṣínì rẹ̀ mọ́ tóní tóní. Létí tábìlì ni ẹ̀rọ kan wà tí wọ́n dè mọ́ ọn, ẹ̀rọ onírin tí wọ́n ń fi ọwọ́ yí, irú èyí tí wọ́n ń tà ní Napoli, álímọ́ńdì díẹ̀ sì ṣì wà ní ẹnu rẹ̀. Mo fi ìka kàn án. Ó dà bí ọ̀rá. Òróró ti fún jáde lára rẹ̀ kó tó dénú kéèkì rárá. Ìgbà yẹn ló yé mi. Mo dúró síbẹ̀, mo ń wo ẹ̀rọ, mo ń wo àwo, n kò sì bu omi.

"Ṣé o ń dúró de kí àwo fọ ara ẹ̀ ni?"

Ó ti dúró sẹ́nu ọ̀nà. Mo la ẹnu. Ọ̀rọ̀ ò jáde. Mo bá gbé àwo náà sún mọ́ ẹnu mi, mo fẹ́ ẹ lẹ́ẹ̀kan: fùú.

Ṣúgà fò sókè, ó bà lé tábìlì, ó bà lé ọwọ́ aṣọ dúdú rẹ̀. Ewé lẹ́mọ́ọ̀nù náà yọ láti ìdí dé ibi tí ọ̀bẹ ti gé e.

Ìyá Catello wò ó. Ó sún mọ́ ọn, ó fi ìka kan ewé náà bíi pé ó lè yí padà di nǹkan mìíràn. Ó fa àpótí, ó jókòó.

"Ta ló tún rí i?"

"N kò sọ fún ẹnì kankan, Màmá." Irọ́ kọ́. N kò sọ ohun tí Bàbá Tore rí.

"Báwo ló ṣe ṣẹlẹ̀?"

Mo sọ fún un, nípa Mena àti asẹ́. Ó jọ pé tí ènìyàn bá jẹ́ ẹnì kan ṣoṣo, ọ̀rọ̀ mi ń jáde. Ó ń mi orí. Kò bínú sí Mena. Ó na ọwọ́, ó bu kéèkì tirẹ̀, ó tún jẹ ẹ́, òkèlè tí fadá ò mọ̀ sí. Ó jẹ ẹ́ bí ẹni tó ń wá nǹkan nínú rẹ̀.

"Ọdún kẹsàn-án rèé," ni ó wí. "Èyí ni mo ń gbé fún fadá lọ́dọọdún?"

Mo fi ọwọ́ gbá ṣúgà orí tábìlì jọ.

"Kì í jẹ ẹ́ níwájú mi. Ó máa ń ní òun á jẹ ẹ́ nílé." Ó wo àwo. "Fadá ń sin ẹlẹ́dẹ̀."

Mo wolẹ̀. Ẹ̀rín fẹ́ pa mí, ẹ̀rù sì ń bà mí.

"Kò sẹ́ni tó sọ fún mi," ni ó wí, kì í sì ṣe èmi ló ń bá sọ̀rọ̀. Ó wo ẹ̀rọ náà. "Owó àkọ́kọ́ tí Catello gbà lórí ọkọ̀ ló fi ra nǹkan yìí. Ó gbé e láti Napoli lórí itan rẹ̀. Ó ní, 'Màmá, kí ọwọ́ yín sinmi.' Ṣé mo máa sọ pé n kò fẹ́ ni?" Ó dìde, ó lọ sí yàrá àlejò, ó sì padà pẹ̀lú ìbù kan lára kéèkì kejì. Ó ti ilẹ̀kùn. Ó jẹ ẹ́ ní ìdúró. Mo rò pé yóò bínú báyìí. Àmọ́ ojú rẹ̀ yí padà sí nǹkan mìíràn, ó dà bí ojú Rosalba nígbà tó ń fi álímọ́ńdì sẹ́nu.

"Báwo lẹ ṣe ń ṣe é?" ni ó bi mí.

"Màmá?"

"Álímọ́ńdì yín. Èéfín kan wà nínú ẹ̀. Tẹlẹ̀tẹlẹ̀ mo mọ̀ ọ́n, ìyá mi máa ń... Báwo lẹ ṣe ń ṣe é?"

Mo sọ fún un: ìdajì pẹ̀lú eèpo, ìdajì láìní eèpo, ààrò lẹ́yìn búrẹ́dì, ọ̀bẹ. Ó ní kí n tún un sọ. Ó bi mí bóyá ọjọ́ kan ni tàbí méjì. Ó bi mí ta ló gé e, mo ní Rosalba ni, mo ní ọrùn ọwọ́ rẹ̀ wú.

"Ọrùn ọwọ́ rẹ̀ wú," ni ó wí. Ó gba àwo lọ́wọ́ mi. "Lọ bá Màmá. Ẹ máa lọ sílé. Àwo yín á tẹ̀lé yín."

A lọ sílé. Rosalba ti wà lẹ́nu ọ̀nà. Ó wo ọwọ́ mi.

"Àwo ńkọ́?"

"Ó ń bọ̀," ni Màmá wí.

"Kí ló sọ? Livia, kí ló sọ?"

"Ó bi wá bí a ṣe ń ṣe álímọ́ńdì," ni mo wí, torí òtítọ́ ni, n kò sì mọ èyí tí mo tún lè sọ.

Rosalba ò lè jókòó. Oòrùn ń sún mọ́ omi. Àwọn tó ń bọ̀ láti ṣọ́ọ̀ṣì ń kọjá, wọ́n ń kí wa, wọ́n sì ń wo ọwọ́ wa. Oòrùn ti ku bí ọwọ́ kan kó wọ̀ nígbà tí a gbọ́ ọ̀pá Bàbá Tore lórí òkúta. Ó ń bọ̀ díẹ̀díẹ̀, ológbò ń tẹ̀lé e, ó fi aṣọ bo ohun tó gbé dání. Ẹsẹ̀ ọgọ́rùn-ún ló wà láti ilé wọn dé ilé wa. Ó jọ pé ó fi ìdajì wákàtí rìn ín.

"Bàbá, ẹ má pa mí," ni Rosalba wí.

"Ọmọ, ọjọ́ orí mi ló ń fà mí sẹ́yìn, èmi kọ́." Ó gbé e lé e lọ́wọ́. "Mú u dáadáa, ó wúwo."

Rosalba ṣí aṣọ. Álímọ́ńdì ló kún àwo náà, pẹ̀lú eèpo líle rẹ̀ lára, ó ga bí òkìtì, ewé lẹ́mọ́ọ̀nù tútù kan sì wà lórí rẹ̀. Rosalba jókòó sílẹ̀ẹ́lẹ̀ pẹ̀lú àwo lórí itan, ó ń sunkún sórí álímọ́ńdì.

"Eufemia ní kí n sọ fún yín," ni Bàbá Tore wí fún Màmá Ersilia, "pé òun ń bọ̀ ní Ọjọ́bọ̀. Ó ní kí ẹ pọ́n ọ̀bẹ. Ó sọ àwọn nǹkan mìíràn, àmọ́ ó ní n kò gbọdọ̀ sọ wọ́n."

"Ẹ̀rọ ẹ̀ ńkọ́?" ni Màmá bi í.

Mo yí ojú padà. N kò sọ nǹkan kan fún Màmá nípa ẹ̀rọ.

"Ó ti tú u. Ó ní Catello á máa fi lọ ẹja tí wọ́n fi ń dẹ ìwọ̀. Ó dára bẹ́ẹ̀, irin tó dáa ni." Bàbá Tore bẹ̀rẹ̀, ó fọwọ́ pa ológbò lórí. "Èyí nìkan ni inú rẹ̀ ò dùn. Ọdún mẹ́sàn-án ló fi jẹ ìpín mi."

Nígbà tó lọ tán, mo jókòó ti Màmá. "Ẹ mọ̀ ọ́n, Màmá?"

"Mọ kí ni?"

"Pé tiwa lẹ jẹ."

"Ojú mi ló ń ṣe bàìbàì, Livia. Ta ló sọ fún ẹ pé ahọ́n mi náà ń ṣe bàìbàì?"

"Kí ló dé tí ẹ ò sọ̀rọ̀?"

Ó mú álímọ́ńdì kan, ó fi òkúta fọ́ ọ, ó fún mi ní ohun tó wà nínú rẹ̀. "Ènìyàn ń yin oúnjẹ mi láìmọ̀ pé tèmi ni. Kí ni mo fẹ́ dá a dúró fún? Kò tíì yìn ín tán." Ó jẹ tirẹ̀. "Mo sì fẹ́ gbọ́ ohun tí ẹni tí kì í sọ̀rọ̀ máa ṣe. Mo gbọ́ gbogbo rẹ̀ láti yàrá. Fùú, bẹ́ẹ̀ lo ṣe."

Ní Ọjọ́bọ̀, Ìyá Catello dé kí oòrùn tó mú. Ó di ọ̀bẹ tirẹ̀ sínú aṣọ, ọ̀bẹ ìyá rẹ̀, ìpẹtà ti jẹ ẹ́ lẹ́gbẹ̀ẹ́ kan. Òun àti Rosalba jókòó sí ìhà pákó kan náà, wọ́n sì gé álímọ́ńdì títí di ọ̀sán, wọn ò bá ara wọn sọ̀rọ̀ púpọ̀. Ọ̀bẹ méjèèjì ń dún pọ̀, Màmá ń fetí sí wọn lórí àpótí. Lẹ́yìn tí Rosalba po ohun gbogbo tán, ó gbé abọ́ náà síwájú Ìyá Catello, ó sì dúró.

Ìyá Catello wo abọ́.

"Fadá ńkọ́?" ni Màmá Ersilia bi í. "Ẹ̀jẹ́ ńkọ́?"

"Ẹni tó fi kéèkì mi bọ́ ẹlẹ́dẹ̀ fún ọdún mẹ́sàn-án," ni Ìyá Catello wí, "ẹnu wo ló kù tó fẹ́ fi bá mi wí?"

Ó ti ìka bọ inú abọ́, ó lá a. Ó di ojú. A dúró dè é, èmi, Rosalba, Màmá.

"Ó ku díẹ̀," ni ó wí.

"Díẹ̀ kí ni, Màmá?" ni Rosalba bi í.

"N kò tíì mọ̀. Ẹ jẹ́ kí n tún tọ́ ọ wò."